Orlando Martins: Ọmọ Èkó Tí Ipa Kékeré Sọ Di Olókìkí

Bí a bá ń dárúkọ àwọn àgbà òṣèré ilẹ̀ wa, Hubert Ogunde, Duro Ladipo àti Moses Olaiya ni ó máa ń kọ́kọ́ wá sí ẹnu. Olórí ẹgbẹ́ tiwọn ni àwọn wọ̀nyí, àwọn fúnra wọn ni wọ́n sì máa ń ṣe ọ̀gá nínú eré. Ṣùgbọ́n ọmọ Èkó kan wà tí ó ti ń ṣe sinimá lọ́dọ̀ òyìnbó kí gbogbo wọn tó dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, tí ó sì jẹ́ pé ipa kékeré ni wọ́n ń fún un lọ́pọ̀ ìgbà. Orúkọ rẹ̀ ni Orlando Martins.

Oṣù Disẹ́ḿbà ọdún 1899 ni wọ́n bí i ní Èkó. Ìdílé Àgùdà, àwọn tí ó ti ilẹ̀ Brazil padà wá sílé, ni bàbá rẹ̀ ti wá. Nígbà ogun àgbáyé kìíní, kò tíì pé ogún ọdún tí ó fi wọ iṣẹ́ ọkọ̀ ojú omi. Nígbà tí ogun parí, ó jókòó sí London láti wá oúnjẹ òòjọ́.

Ẹni tí ó bá ti gbé àjò rí yóò mọ ohun tí ojú rẹ̀ rí. Ó ṣọ́ ilé lóru, ó ṣiṣẹ́ nínú ilé ìdáná, ó ja ìjàkadì fún owó, ó sì fi ejò dárà nínú ẹgbẹ́ sákọ́ọ̀sì. Ènìyàn gíga ni, ó sígbọnlẹ̀, ohùn rẹ̀ sì jinlẹ̀. Èyí ni àwọn eléré rí tí wọ́n fi ń pè é.

Ní 1935 ó wà nínú fíìmù Sanders of the River, níbi tí Paul Robeson, gbajúmọ̀ olórin adúláwọ̀ ọmọ Amẹ́ríkà, ti kó ipa ńlá. Ní 1936 àwọn méjèèjì tún jọ ṣeré lórí ìtàgé ní London, nínú eré tí C. L. R. James kọ nípa Toussaint Louverture, aṣáájú àwọn ẹrú Haiti tí wọ́n jà fún òmìnira.

Ọmọ ọ̀dọ̀, aláàárù, olóògùn: irú ipa tí òyìnbó ń fún adúláwọ̀ nìyẹn láyé ìgbà náà. Nínú Men of Two Worlds ní 1946, Martins ni Magole, olóògùn tí kò fẹ́ kí ará abúlé ṣí kúrò níbi tí eṣinṣin ti ń kó àrùn oorun bá wọn. Ó tọ́ kí irú àwòrán bẹ́ẹ̀ bí wa nínú. Síbẹ̀, ẹni tí ó bá wo fíìmù náà yóò rí i pé bí a bá yọ Magole kúrò, ìtàn náà kò lè dúró.

Èyí tí ó gbé e dé òkè ni The Hasty Heart. Ó ṣe é lórí ìtàgé ní London ní 1945, ó sì tún ṣe é nínú fíìmù ní 1949 pẹ̀lú Ronald Reagan, ẹni tí ó di Ààrẹ Amẹ́ríkà ní 1981. Ilé ìwòsàn àwọn sójà nígbà ogun Bọ́mà ni ìtàn náà ti ṣẹlẹ̀. Àìsàn kíndìnrín ń pa sójà Scotland kan lọ, wọn kò sì sọ fún un. Nígbà tí ó gbọ́, ó rò pé àánú lásán ni gbogbo wọn fi ń bá òun ṣọ̀rẹ́, ó sì lé wọn. Blossom, sójà adúláwọ̀ tí Martins ṣe, mú ìlẹ̀kẹ̀ ọrùn wá fún un, ó kọ̀ ọ́. Ẹ̀yìn náà ni ó tó mọ̀ pé Blossom kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, nítorí náà kò lè gbọ́ nípa àìsàn náà rárá. Ìfẹ́ ọkàn ni ó mú ẹ̀bùn náà wá. Ibẹ̀ ni ọkàn rẹ̀ rọ̀. Ẹni tí kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ ọ̀rọ̀ kan ni ó yí eré náà padà.

Àjò kì í dùn kí onílé má relé. Ní 1959 Martins padà sí Èkó. Ní 1970 ó kópa nínú Kongi's Harvest, láti inú eré Wole Soyinka. Lẹ́yìn náà ó wà nínú fíìmù tí Hans Jürgen Pohland ará Jámánì ṣe láti inú ìwé Chinua Achebe, ọmọ Ogidi tí ó ti ṣiṣẹ́ rédíò ní Enugu wa níbí. Obierika, ọ̀rẹ́ Okonkwo, ni Martins ṣe. Ẹ̀gbẹ́ akọni náà ni ó ṣì dúró sí, ṣùgbọ́n lọ́tẹ̀ yìí, àgbà ọlọ́gbọ́n ní abúlé ara rẹ̀ ni, kì í ṣe ìránṣẹ́ ẹnikẹ́ni.

Ó kú ní Èkó ní oṣù Sẹ̀tẹ́ḿbà ọdún 1985, lẹ́ni ọdún márùndínláàádọ́rùn-ún. Bí àwọn ọmọ wa bá ń wo sinimá àtijọ́, ẹ sọ fún wọn kí wọ́n má wo ọ̀gá nìkan. Kí wọ́n wo ẹni tí ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú. Ọmọ ilé wa lè ni.