Andrew Foster: Adití tó sọ èdè ọwọ́ di èdè ilé-ìwé

Yorùbá a máa pa á lówe pé ìyá odi ló ń gbọ́ èdè odi. Ohun méjì ni òwe náà ń sọ. Àkọ́kọ́ ni pé odi ní èdè, ohun tí ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé ilẹ̀ Yúróòpù kò gbà fún ọdún gbọọrọ. Èkejì ni pé ọ̀dọ̀ ìyá nìkan ni èdè náà mọ, kò sí ẹlòmíràn tí yóò gbọ́ ọ. Bí ìyá bá re ọjà, tàbí bí ó bá re ibi àgbà ń rè, ọ̀rọ̀ ọmọ di ọ̀rọ̀ tí kò ní olùgbọ́. Ọkùnrin kan wà tó fi ọgbọ̀n ọdún ṣiṣẹ́ kí apá kejì òwe yìí má baà ṣẹ mọ́ ní ilẹ̀ Áfíríkà. Adití ni òun fúnra rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ ni Andrew Jackson Foster, ìlú Ìbàdàn sì wà lára ibi tí iṣẹ́ rẹ̀ ti fìdí múlẹ̀.

Ọjọ́ 27, oṣù kẹfà, ọdún 1925 ni wọ́n bí Foster ní Ensley, ní ìlú Birmingham, ìpínlẹ̀ Alabama, ní Amẹ́ríkà. Awakùsà èédú ni bàbá rẹ̀. Ọmọ náà ń gbọ́ ohùn, ó ń sọ̀rọ̀ bí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, títí di ọdún 1936 tí àrùn yírùnyírùn kọ lu òun àti ọmọ ìyá rẹ̀ ọkùnrin. Ẹ̀mí wọn kò bọ́, ṣùgbọ́n etí àwọn méjèèjì di. Ọmọ ọdún 11 ni Foster nígbà náà. Ó ti ní èdè lẹ́nu kí àìsàn tó dé, èyí sì ràn án lọ́wọ́ púpọ̀. Ọmọ tí wọ́n bí ní adití kò ní irú àǹfààní bẹ́ẹ̀, àfi bí wọ́n bá tètè fún un ní èdè tí ojú lè rí.

Ní Alabama ìgbà náà, òfin ya aláwọ̀dúdú sọ́tọ̀ kúrò lára aláwọ̀funfun níbi gbogbo, kò sì yọ àwọn adití sílẹ̀. Ilé-ìwé àwọn adití àti afọ́jú aláwọ̀dúdú tó wà ní Talladega ni wọ́n fi Foster sí. Kíláàsì kẹfà ni ẹ̀kọ́ parí sí fún un níbẹ̀. Nígbà tó di ọmọ ọdún 17, ó kó lọ sí Detroit lọ́dọ̀ mọ̀lẹ́bí rẹ̀. Ó ń ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ lọ́sàn-án, ó ń kàwé lálẹ́. Nígbà tó yá, ó kọ́ ẹ̀kọ́ girama nílé, tí wọ́n ń fi lẹ́tà ránṣẹ́ sí i, ó sì gba ìwé-ẹ̀rí rẹ̀ ní 1951.

Ọdún náà gan-an ni Gallaudet, ilé-ẹ̀kọ́ gíga àwọn adití tó wà ní Washington, gbà á wọlé. Ọdún 1864 ni wọ́n dá ilé-ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀, èdè ọwọ́ sì ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ń sọ nínú ọgbà rẹ̀. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi ti ilẹ̀kùn mọ́ àwọn aláwọ̀dúdú. Nínú ọgbà kan náà ni Kendall wà, ilé-ìwé fún àwọn adití tó jẹ́ ọmọdé. Kò gba ọmọ aláwọ̀dúdú. Ìpínlẹ̀ mìíràn ni wọ́n ń kó àwọn ọmọ wọ̀nyí lọ. Ìgbà tí àwọn òbí gbé ọ̀rọ̀ náà dé kóòtù ní 1952 ni wọ́n tó gbà wọ́n, ọ̀tọ̀ ni wọ́n sì tún kó wọn sí títí di 1954. Ẹni tí ayé ń fojú tín-ín-rín nítorí etí kò kọ̀ láti fojú tín-ín-rín ẹnìkejì rẹ̀ nítorí awọ. Inú irú ọgbà yìí ni Foster ti kàwé. Ọdún mẹ́ta ló fi parí, ó sì gboyè ní 1954. Òun ni wọ́n kà sí aláwọ̀dúdú àkọ́kọ́ tó gba oyè ní Gallaudet.

Ó tún gba oyè méjì mìíràn, ọ̀kan ní Michigan ní 1955, èkejì ní Seattle ní 1956. Onígbàgbọ́ ni Foster, ohun tó sì wà lọ́kàn rẹ̀ ni pé àwọn adití ilẹ̀ Áfíríkà kò ní ilé-ìwé, wọn kò sì ní ìwàásù tí ojú wọn lè rí. Ní 1956, ó dá ẹgbẹ́ ìjíhìnrere kan sílẹ̀ fún àwọn adití Áfíríkà. Ní 1957, ọdún tí Ghana gba òmìnira, ó gúnlẹ̀ sí Accra.

Kò sí ilé-ìwé adití kankan ní Ghana nígbà náà. Yàrá ìkàwé àwọn ọmọ tó gbọ́ràn ni Foster kọ́kọ́ yá. Bí wọ́n bá ti jáde tán lọ́sàn-án, àwọn adití a wọlé. Kò pẹ́ tí ilé-ìwé náà fi kó lọ sí Mampong ní òkè Akuapem, níbi tí àwọn ọmọ ti lè máa gbé. Àwọn tí wọ́n ti fi pa mọ́ sínú ilé bẹ̀rẹ̀ sí í jáde, wọ́n sì rí i pé àwọn pọ̀.

Ní 1960, Foster dé Nàìjíríà, ó dá ilé-ìwé sílẹ̀ ní Ìbàdàn. Ó tún dá òmíràn sílẹ̀ ní Kaduna àti ní Enugu. Nígbà tó dé Ìbàdàn, ó ti pé ọdún márùn-ún tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn lábẹ́ Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ti bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ilẹ̀kùn ti ṣí fún ọmọ tálákà àti ọmọ olówó. Ṣùgbọ́n ẹnu ni olùkọ́ fi ń kọ́ni, etí ni ọmọ fi ń gbà á. Ọmọ adití lè jókòó sínú kíláàsì láti àárọ̀ di ọ̀sán, kó má mú ohunkóhun bọ̀ wálé.

Kì í ṣe àìsí ilé-ìwé nìkan ni Foster bá pàdé. Ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn èèyàn wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ọ̀rọ̀ kan náà ni Yorùbá ń lò fún kí etí mú ohùn àti kí ọkàn mọ ìtumọ̀, èyíinì ni gbígbọ́. Ẹni tí ìlù ń dún sí létí ń gbọ́ ìlù. Ẹni tó mọ èdè Faransé, wọ́n ní ó gbọ́ Faransé. Ọmọ tó tẹ̀lé àṣẹ, wọ́n ní ó gbọ́ràn. Olóríkunkun ẹ̀wẹ̀, wọ́n ní etí rẹ̀ di, wọ́n ní ó kọ etí ikún. Nínú irú èdè bẹ́ẹ̀, kò ṣòro kí ọkàn èèyàn yọ̀ láti orí etí lọ sórí ọgbọ́n àti ìwà, kí wọ́n máa wo ẹni tí kò gbọ́ ohùn bí ẹni tí kò mọ nǹkan, tàbí bí ẹni tí kò fẹ́ ṣe ohun tí wọ́n ní kó ṣe. Kò sí ẹni tó jókòó gbìmọ̀ ìkà. Ọ̀rọ̀ ló ti dájọ́ kí ojú tó wo ọmọ náà dáadáa. Èdè Gẹ̀ẹ́sì kò sàn ju bẹ́ẹ̀ lọ: orúkọ tí wọ́n fi ń pe odi látijọ́ náà ni wọ́n fi ń pe òmùgọ̀.

Orúkọ náà tún ní àṣìṣe tirẹ̀. Yorùbá mọ̀ pé ọ̀tọ̀ ni adití, ọ̀tọ̀ ni odi. Síbẹ̀, odi ni wọ́n sábà máa ń pe ọmọ tí wọ́n bí ní adití, bí ẹni pé ẹnu rẹ̀ ló kú. Ohùn wà lọ́fun rẹ̀. Èdè ni kò rí gbọ́ kó tó lè sọ ọ́.

Àṣà Yorùbá náà ní ojú méjì lórí ọ̀rọ̀ yìí. Àwọn olùsìn Ọbàtálá ka abuké, arọ àti àfín sí ẹni òrìṣà, iṣẹ́ ọwọ́ Ọbàtálá tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi ṣe yẹ̀yẹ́. Ọ̀wọ̀ ńlá ni èyí. Ṣùgbọ́n ẹni tí wọ́n yà sọ́tọ̀ fún òrìṣà, wọ́n ti yà á sọ́tọ̀ náà nìyẹn. Àwọn ilé mìíràn sì wà tó jẹ́ pé bí wọ́n bá bí irú ọmọ bẹ́ẹ̀, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ ń bèèrè ni ohun tí ìyá rẹ̀ ṣe. Láàárín ọ̀wọ̀ àti ìfura yìí, ọmọ náà kò rí ẹni bá sọ̀rọ̀.

Èdè tí Foster mú wọ kíláàsì ni èdè ọwọ́. Lóde òní, kò dà bí ohun bàbàrà, ṣùgbọ́n ìjà ńlá wà lórí rẹ̀ nígbà náà. Ní 1880, àwọn olùkọ́ adití láti orílẹ̀-èdè púpọ̀ pàdé ní Milan, ní Ítálì, wọ́n sì fẹnu kò pé ẹnu nìkan ni kí wọ́n máa fi kọ́ àwọn adití. Àwọn tó ń gbọ́ ohùn ló pọ̀ jù lọ nínú ìpàdé náà. Láti ìgbà náà, ní ọ̀pọ̀ ilé-ìwé, wọ́n ní kí ọmọ máa wo ètè olùkọ́, wọ́n sì ń fìyà jẹ ẹni tó bá gbé ọwọ́ sọ̀rọ̀. Ó di ọdún 2010, ní Vancouver, kí irú àpérò kan náà tó kábàámọ̀ ohun tí wọ́n ṣe ní Milan.

Foster kò dúró de àbámọ̀ yẹn. Ó ń kọ ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì sí ojú pátákó, ó sì ń fi èdè ọwọ́ àwọn adití Amẹ́ríkà ṣàlàyé rẹ̀. Ohun mìíràn tó yà á sọ́tọ̀ ni pé adití ló ń kọ́ adití. Ọmọ tí kò tíì rí àgbàlagbà adití rí láyé rẹ̀ wá rí ọ̀kan tó wọ kóòtù, tó gboyè, tó ń pàṣẹ, tó ń rẹ́rìn-ín. Ó kọ́ àwọn ọmọ Áfíríkà tó jẹ́ adití láti di olùkọ́ àti olùdarí. Lára àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lọ sí Gallaudet, wọ́n sì di ọ̀mọ̀wé. Ní àwọn ọdún 1970, Ìbàdàn di ibi tí àwọn olùkọ́ láti ilẹ̀ tó ń sọ Faransé ti ń wá gba ẹ̀kọ́, tí wọ́n sì ń padà lọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ nílé. Ilé-ìwé tí ó dá sílẹ̀ lé ní 30, ní orílẹ̀-èdè 13, lára wọn ni Togo, Benin, Cameroon, Senegal àti Chad.

Owó kì í sábà tó. Apá kan nínú ọdún ni Foster fi ń káàkiri ìjọ ní Amẹ́ríkà láti tọrọ rẹ̀. Ní 1959, ó pàdé Berta Zuther, ọmọ Jámánì tó jẹ́ adití bíi tirẹ̀, níbi ìpàdé àgbáyé àwọn adití ní Wiesbaden. Wọ́n ṣègbéyàwó ní Nàìjíríà ní 1961, wọ́n sì bí ọmọ márùn-ún. Ní 1970, Gallaudet fi oyè ọ̀mọ̀wé dá a lọ́lá.

Iṣẹ́ rẹ̀ kò ṣàìní àléébù. Èdè ọwọ́ Amẹ́ríkà tí ó mú wá bo àwọn èdè ọwọ́ tó ti wà nílẹ̀ mọ́lẹ̀. Ní òkè Akuapem kan náà tí ilé-ìwé Mampong wà, abúlé kan wà tí wọ́n ń pè ní Adamorobe. Àwọn adití pọ̀ níbẹ̀ láti ìran dé ìran, wọ́n sì ní èdè ọwọ́ tiwọn, tí àwọn ará abúlé tó ń gbọ́ ohùn náà ń sọ. Níbẹ̀, kì í ṣe ìyá odi nìkan ló ń gbọ́ èdè odi. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn ọmọ Adamorobe lọ sí Mampong, èdè ilé-ìwé ni wọ́n kọ́, àwọn onímọ̀ èdè sì ń kìlọ̀ báyìí pé èdè abúlé náà lè parẹ́. Ní Nàìjíríà pẹ̀lú, ara èdè ọwọ́ Amẹ́ríkà ni èyí tí àwọn adití ń lò ní ilé-ìwé ti yọ. Foster fún wọn ní èdè tó gba ìlú já, àwọn kan sì sọ tiwọn nù nítorí rẹ̀.

Ní ọjọ́ 3, oṣù kejìlá, ọdún 1987, Foster wà lẹ́nu ìrìn àjò iṣẹ́ rẹ̀ nígbà tí ọkọ̀ òfuurufú kékeré tó wọ̀ já ní Rwanda. Ẹni ọdún 62 ni. Ọdún márùn-ún lẹ́yìn náà, ní 1992, Ìṣọ̀kan Àgbáyé ya ọjọ́ 3, oṣù kejìlá sọ́tọ̀ fún àwọn tó ní ìpèníjà ara. Wọn kò yan ọjọ́ náà nítorí rẹ̀, ṣùgbọ́n ó bọ́ sí ọjọ́ ikú rẹ̀. Ní 2004, Gallaudet fi orúkọ rẹ̀ pe gbọ̀ngàn kan nínú ọgbà tó ti lé irú rẹ̀ sẹ́yìn rí.

Ọ̀rọ̀ ẹnu náà ti ń yí padà. Àwọn Yorùbá tó ń pe irú èèyàn wọ̀nyí ní abirùn tàbí aláàbọ̀ ara tẹ́lẹ̀ ti ń pè wọ́n ní àkàndá ẹ̀dá. Ní 2019, Nàìjíríà ṣe òfin tó ka yíyà wọ́n sọ́tọ̀ sí ẹ̀ṣẹ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ìgbésí ayé Foster fi hàn pé orúkọ tuntun kò tó bí kò bá sí ẹni tó máa bá ẹni tó ń jẹ́ ẹ sọ̀rọ̀. Ní ilé tí ọmọ adití bá wà, ó yẹ kí bàbá, ẹ̀gbọ́n àti aládùúgbò na ọwọ́ tiwọn náà, kí wọ́n kọ́ èdè rẹ̀, kí ó má jẹ́ ìyá nìkan.