Théodore Monod, Ẹni tí ó Ṣọ́ Àwọn Ẹran Inú Òkun Wa

Ní ọjọ́ 23 oṣù kẹta ọdún 1981, àwọn aṣojú ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn àti Àárín Gbùngbùn Áfíríkà péjọ sí ìlú Abidjan, ní orílẹ̀-èdè Côte d'Ivoire, láti fi ọwọ́ sí ìwé àdéhùn pé àwọn yóò jùmọ̀ máa dáàbò bo òkun tí ó wà ní etílé wọn àti àwọn ohun abẹ̀mí tí ń gbé inú rẹ̀. Àdéhùn Abidjan ni a ń pè é, ó sì di òfin ní ọjọ́ 5 oṣù kẹjọ ọdún 1984. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni tó lè sọ pé òun yóò dáàbò bo ẹran kan nínú omi, ó ní láti kọ́kọ́ mọ̀ pé ẹran náà ń bẹ níbẹ̀. Ta ni ó ti ń kọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sínú ìwé kí a tó gba òmìnira? Ọ̀kan pàtàkì nínú wọn ni Ọ̀gbẹ́ni Théodore Monod, ọmọ ilẹ̀ Faransé.

Ìlú Rouen ni a ti bí i, ní ọjọ́ 9 oṣù kẹrin ọdún 1902. Wilfred Monod, baba rẹ̀, jẹ́ àlùfáà ìjọ Protẹ́sítáǹtì. Ní ọdún 1922, nígbà tí ó di ẹni ogún ọdún, ilé àkójọ ohun ẹ̀dá tí ó wà ní Paris gbà á sí iṣẹ́, wọ́n sì rán an lọ sí Port-Étienne ní Mauritania, ìlú tí a ń pè ní Nouadhibou lónìí. Iṣẹ́ ẹja pípa ni wọ́n ní kí ó lọ wò. Kí ẹnikẹ́ni má ṣe tan ara rẹ̀ jẹ o: èrè tí àwọn Faransé lè rí kó nínú òkun náà ni ó mú wọn rán an. Ṣùgbọ́n ojú ọ̀dọ́mọkùnrin yìí kò mọ sórí ẹja tí a lè tà nìkan.

Lábẹ́ àwọn òkúta gíga Cap Blanc, nínú ihò tí ìgbì òkun ti gbẹ́, ẹran ńlá kan ń gbé ibẹ̀ tí àwọn òyìnbó ń pè ní séálì. Kì í ṣe ẹja rárá. Ó ń mí afẹ́fẹ́ bí àwa náà ti ń mí, ó ń bímọ, ó sì ń fún ọmọ rẹ̀ lọ́mú. Ní ọdún 1923, Monod kọ ọ̀rọ̀ nípa rẹ̀ ránṣẹ́ sí àwọn ọ̀mọ̀wé ẹgbẹ́ rẹ̀ ní Faransé, kí wọ́n lè mọ̀ pé séálì wà láàyè ní etí òkun Sàhárà.

Kò sì yẹ kí ó jẹ́ ìyàlẹ́nu pé ẹran náà sá pamọ́ sínú ihò. Ní ọdún 1436, Afonso Gonçalves Baldaia, ará Potogí, gúnlẹ̀ sí etí òkun yìí pẹ̀lú àwọn èrò ọkọ̀ rẹ̀, wọ́n sì pa séálì lọ bí ilẹ̀ bí ẹní nítorí awọ wọn. Ní ọdún 1441, Antão Gonçalves, ará Potogí kan náà, tún dé etí òkun yẹn, ènìyàn ni òun sì kó lọ. Láàárín ọdún márùn-ún péré, àwọn tí wọ́n wá nítorí awọ ẹran ti di ẹni tí ń kó ọmọ ènìyàn. Mo ń fẹ́ kí àwọn olùkọ́ wa máa sọ ìtàn méjèèjì pọ̀ nígbà tí wọ́n bá ń kọ́ àwọn ọmọ, nítorí ojú kan náà ni a fi wo ẹran àti ènìyàn nígbà náà.

Kì í sì í ṣe òyìnbó ni ó kọ́kọ́ mọ ẹran omi ní etí òkun wa. Ní gúúsù Cap Blanc, ní Banc d'Arguin, àwọn apẹja kan wà tí a ń pè ní Imraguen. Láyé àtijọ́, bí wọ́n bá rí agbo ẹja tí ń bọ̀, wọn a fi igi lu omi, àwọn ẹran òkun tí a ń pè ní dọ́lífíìnì a sì máa wá láti ojú agbami. Báyìí ni ẹja yóò há sí àárín dọ́lífíìnì àti àwọ̀n, ẹranko yóò jẹ tirẹ̀, ènìyàn yóò sì kó tirẹ̀ relé. Ìmọ̀ tí bàbá fi lé ọmọ lọ́wọ́ ni èyí.

Monod gun ràkúnmí padà sí Senegal ní òpin ọdún 1923, aginjù sì gba ọkàn rẹ̀ débi pé orí iyanrìn Sàhárà ni orúkọ rẹ̀ ti di ńlá ju orí omi lọ. Ní ọdún 1938 ó di olùdarí àkọ́kọ́ fún ilé ẹ̀kọ́ ìwádìí tí a ń pè ní IFAN ní Dakar, ipò tí ó sì wà títí di ọdún 1965. IFAN ní ẹ̀ka ní Abidjan, ó ní ní Bamako, ó sì ní ní Àjàṣẹ́ tí àwọn òyìnbó ń pè ní Porto-Novo. Orúkọ ilé ìwádìí náà nígbà ayé àwọn amúnisìn fi hàn pé ti Faransé ni. Lẹ́yìn òmìnira ni wọ́n yọ Faransé kúrò nínú rẹ̀, tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ mìíràn dí i, kí ìkékúrú rẹ̀ má bàa yí padà.

Ní erékùṣù Gorée, lábẹ́ IFAN yìí, Jean Cadenat ń kọ́ nípa ẹja àti dọ́lífíìnì etí òkun Senegal. Nínú wọn ni irú kan wà tí kò sí níbòmíràn ní ayé àfi ní Áfíríkà, tí ó máa ń rìn ní omi tí kò jìn, ní ẹ̀bá ilẹ̀. Agbárí kan tí a rí ní Cameroon ní ọdún 1892 ni àwọn ọ̀mọ̀wé fi kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n. Lónìí, iye rẹ̀ kò tó 3,000 ní gbogbo ayé, àwọ̀n apẹja ni ó sì ń pa á jù. Láti ọdún 2017 ni a ti kọ ọ́ mọ́ àwọn ẹran tí ó fẹ́ parun pátápátá.

Nígbà ogun Hitler, Monod sọ̀rọ̀ lòdì sí ìwà ìyára-ẹni-sọ́tọ̀ àwọn Násì lórí rédíò Dakar. Ní ọdún 1942, nígbà tí àwọn aláṣẹ amúnisìn ń dààmú Amadou Hampâté Bâ, òun ni ó mú un wá sí IFAN, tí ó fi rí àyè kó ìtàn àwọn baba wa jọ. Abidjan náà ni Hampâté Bâ kú sí ní ọdún 1991. Ní ọdún 1960, Monod wà lára àwọn 121 tí wọ́n fọwọ́ sí ìwé lòdì sí ogun Algeria. Òṣìṣẹ́ ìjọba Faransé ni nígbà tí ó ṣe é.

Ní ọdún 1976, Mauritania sọ Banc d'Arguin di ilẹ̀ ààbò, nǹkan bí 12,000 kìlómítà níbùú lóròó, Monod sì wà lára àwọn tí wọ́n ti ń bẹ̀bẹ̀ fún un. Ọkọ̀ onígbòkun nìkan ni àwọn Imraguen lè fi pẹja níbẹ̀. Ẹ̀rọ kò gbọdọ̀ wọlé. Ní ọdún 1986 ni a fi ibi ààbò kan kún un ní Cap Blanc fún àwọn séálì.

Ǹjẹ́ kíkà ẹran ní àǹfààní bí? Ní ọdún 1971, àwọn ará Canada ka àwọn ẹran ńlá inú òkun tí à ń pè ní orca ní etí òkun wọn. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún ni gbogbo ènìyàn rò pé ó wà. Ọgọ́rùn-ún mélòó kan ni wọ́n rí, kíkó wọn tà sì dópin kí ọdún mẹ́wàá tó pé. Ní Cap Blanc, nítorí pé a ti ń ka séálì, a mọ ohun tí ó sọnù ní ọdún 1997, nígbà tí ikú já lù wọ́n ní nǹkan bí oṣù méjì. Nínú nǹkan bí 300, ìdá méjì nínú mẹ́ta ni ó kú.

Monod ṣì wà láyé. Ojú rẹ̀ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ tán nígbà náà. Ó kú ní Versailles ní ọjọ́ 22 oṣù kọkànlá ọdún 2000, ní ẹni ọdún 98, nígbà tí séálì Cap Blanc ṣì kéré níye. Láti ìgbà náà ni àwọn olùṣọ́ ti ń ṣọ́ ẹnu ihò wọn, wọ́n sì ti tún lé ní 300.