Conrad Veidt: Òṣìkà Nínú Sinimá, Olóòótọ́ Láàárín Ènìyàn

Ó ti mọ́ wa lára láti máa fi ohun tí òṣèré bá ṣe nínú sinimá dá a lẹ́jọ́. Ẹni tó bá ṣe òṣìkà dáadáa, a ó ní òṣìkà náà ni nílé. Ìtàn Conrad Veidt yẹ kí ó mú wa ronú.

Ìlú Berlin ní orílẹ̀-èdè Jámánì ni a ti bí i ní ọjọ́ 22 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1893. Ọ̀dọ̀ Max Reinhardt, ọ̀gá nínú iṣẹ́ tíátà, ló ti kọ́ṣẹ́. Ó ṣe ológun nígbà Ogun Àgbáyé Kìn-ín-ní, ṣùgbọ́n àìsàn lé e kúrò lójú ogun.

Ní ọdún 1920 ni fíìmù The Cabinet of Dr. Caligari sọ ọ́ di olókìkí. Veidt ni Cesare, ọkùnrin tí ń rìn lójú oorun, tí ọ̀gá rẹ̀ ń rán lọ pa ènìyàn. Sinimá kò tíì máa sọ̀rọ̀ nígbà náà. Ojú rẹ̀ àti ìrìn rẹ̀ nìkan ló fi da jìnnìjìnnì bo àwọn òǹwòran.

Ní ọdún 1933, Hitler gorí àlééfà. Ọdún náà gan-an ni Veidt gbé Lily Prager, tí í ṣe Júù, níyàwó. Ìjọba wá ní kí gbogbo òṣèré kọ ẹ̀yà tí wọ́n ti ṣẹ̀ wá sínú ìwé. Veidt kì í ṣe Júù, ìbá sì ti rọrùn fún un láti gba ara rẹ̀ là. Àwọn tó kọ ìtàn rẹ̀ ròyìn pé Júù ló kọ síbẹ̀. Òun àti aya rẹ̀ fi ilé àti òkìkí sílẹ̀, wọ́n forí lé ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní ọdún 1934, ó ṣe olú-ẹ̀dá ìtàn nínú Jew Süss, fíìmù Gẹ̀ẹ́sì tó fi ìyà tí wọ́n fi ń jẹ àwọn Júù hàn. Ní ọdún 1939, ó di ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó sì fi ọ̀pọ̀ owó rẹ̀ ṣe ìrànwọ́ nígbà ogun.

Lẹ́yìn èyí ló kọjá sí Hollywood ní Amẹ́ríkà. Ohùn rẹ̀ àti ìrísí rẹ̀ mú kí wọ́n máa fún un ní ipò ọ̀tá. Ó gbà láti ṣe ọmọ ẹgbẹ́ Nazi, bí a bá lè fi ìkà wọn hàn kedere. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe di Ọ̀gágun Strasser nínú Casablanca ní ọdún 1942. Ẹni tó sá fún wọn ló wọ aṣọ wọn, kí ayé lè rí wọn bí wọ́n ti rí.

Ó kú lójijì níbi tó ti ń gbá gọ́ọ̀fù ní Los Angeles, ní ọjọ́ 3 oṣù Kẹrin ọdún 1943, ní ẹni àádọ́ta ọdún. Kò fojú rí ìṣubú Hitler.

Ìwà lẹwà. Kí a tó dá ẹnikẹ́ni lẹ́jọ́, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wádìí ohun tó ṣe lọ́jọ́ tí ìnira dé bá ẹnìkejì rẹ̀.