Adrien-Marie Legendre: olùkọ́ tó kọ́ wa bí a ṣe ń wọn ayé róbótó

Gbogbo wa la mọ mítà. Aránṣọ fi ń wọn ènìyàn, káfíńtà fi ń wọn pákó, òun náà la sì fi ń ka ọ̀nà láti Ifangni dé Àjàṣẹ́. Àmọ́ ta ló rántí àwọn tó jókòó ṣe ìṣirò kí mítà tó dé ọwọ́ wa? Ọ̀kan nínú wọn ni Adrien-Marie Legendre, ọmọ ilẹ̀ Faransé. Olùkọ́ ni, bíi tèmi.

Wọ́n bí i ní ọjọ́ 18 oṣù kẹsàn-án ọdún 1752, sínú ìdílé olówó. Ó kàwé ní Collège Mazarin ní Paris, ó sì kọ́ àwọn ọmọ ilé ìwé ológun ní ìṣirò láti 1775 di 1780. Ní 1783, Académie des sciences gbà á wọlé.

Ní 1787, Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì fẹ́ so ìwọ̀n ilẹ̀ Paris pọ̀ mọ́ ti Greenwich. Onígun mẹ́ta ni wọ́n fi ń ṣe é: wọ́n á dúró lórí òkè kan, wọ́n á wo òkè méjì mìíràn. Wàhálà tó wà níbẹ̀ ni pé ayé ò tẹ́ pẹrẹsẹ. Ẹ mú ọsàn kan, ẹ gé e sí méjì ní ìbú, kí ẹ tún gé ìlàjì kọ̀ọ̀kan sí mẹ́rin dọ́gba. Ẹ wo èèpo ẹyọ kan: onígun mẹ́ta ni, igun kọ̀ọ̀kan jẹ́ dìgírì 90. Àpapọ̀ rẹ̀ di 270! Lórí pátákó, 180 péré ló máa jẹ́.

Onígun mẹ́ta orí ilẹ̀ náà ní èlé, bó tilẹ̀ kéré. Legendre wá rí ọ̀nà àbùjá: ẹ pín èlé náà sí mẹ́ta, ẹ yọ ìdá kan kúrò lára igun kọ̀ọ̀kan, kí ẹ wá ṣe ìṣirò yín bí ẹni pé orí pátákó lẹ wà. Nígbà tí wọ́n ṣírò ìwọ̀n ilẹ̀ láti Dunkerque dé Barcelona, èyí tó bí mítà, ọ̀nà yìí wà lára èyí tí wọ́n lò.

Ìjọba yí padà ní Faransé. Ní 1793 wọ́n ti Académie pa, ọrọ̀ Legendre sì lọ. Ọdún yẹn gan-an ló gbéyàwó. Ní 1794 ó gbé ìwé kan jáde, Éléments de géométrie. Ó tún ẹ̀kọ́ àtijọ́ Euclide tò kó lè yé akẹ́kọ̀ọ́, ó sì fi ìṣirò onígun mẹ́ta kún un, ti pẹrẹsẹ àti ti róbótó. Wọ́n tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan, lẹ́ẹ̀mejì, àìmọye ìgbà. Wọ́n túmọ̀ rẹ̀ sí Gẹ̀ẹ́sì, ó sì dé Amẹ́ríkà.

Ohun kan ò jẹ́ kó sinmi. Ó fẹ́ fi ẹ̀rí tó dájú hàn pé igun onígun mẹ́ta orí pátákó gbọ́dọ̀ jẹ́ 180, láìgba ọ̀rọ̀ Euclide gbọ́ lásán. Bí ẹ̀rí kan bá ti jò, á pa á tì, á fi òmíràn sínú ìtẹ̀jáde tó tẹ̀ lé e. Ó ṣe é títí ó fi darúgbó, kò bọ́ sí i. Ẹ̀yìn rẹ̀ la tó mọ̀ pé kò lè ṣeé ṣe.

Ní 1824, ìjọba fẹ́ kó dìbò fún ẹni tí wọ́n yàn ní Institut. Ó kọ̀. Wọ́n gé owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀, àgbàlagbà ẹni ọdún 71. Ó kú ní ọjọ́ 9 oṣù kìíní ọdún 1833. Orúkọ rẹ̀ wà lára orúkọ 72 tí wọ́n kọ sára Tour Eiffel.

Ojú rẹ̀ ńkọ́? Ó ju ọgọ́rùn-ún ọdún lọ tí àwọn ìwé ń tẹ àwòrán Louis Legendre, alápatà tó di olóṣèlú, tí wọ́n ń pè é ní tirẹ̀. Ọdún 2005 ni àṣírí tú. Àwòrán ẹ̀fẹ̀ kan ṣoṣo tí wọ́n yà ní 1820 ló kù, ó fajú ro níbẹ̀ bí olùkọ́ tí ariwo kíláàsì sú.

Àwọn tí mò ń kọ́ láti di olùkọ́ máa ń rò pé ẹni tó kọ ìwé ìṣirò kì í ṣìnà. Ìtàn yìí ni mo máa ń sọ fún wọn, lẹ́yìn tá a bá ti gé ọsàn tán. A sì máa ń jẹ ẹ́.