Duke Slater

Frederick Wayman Slater, tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí Duke Slater (9 Oṣù Kejìlá 1898 – 14 Oṣù Kẹjọ 1966), jẹ́ ọmọ orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà tí ó gbajúmọ̀ nínú eré bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, tí ó sì tún jẹ́ agbẹjọ́rò àti adájọ́. Òun ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tí ó gbá bọ́ọ̀lù ní ìlà iwájú nínú líìgì NFL, níbi tí ó ti lo sáà 10, láti 1922 sí 1931.

Bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà yàtọ̀ sí bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá, nítorí pé ọwọ́ ni wọ́n sábà máa ń fi gbé e sáré. Àwọn tí ó wà ní ìlà iwájú kì í sábà fọwọ́ kan bọ́ọ̀lù náà rárá. Iṣẹ́ tiwọn ni láti fi ara ti àwọn alátakò sẹ́yìn kí ẹni tí ó gbé bọ́ọ̀lù lè rí ọ̀nà gbà. Nítorí èyí, ó ṣọ̀wọ́n kí orúkọ wọn hàn nínú àkọsílẹ̀ àwọn tí ó gbá ayò wọlé. Ipò tackle, ní ìlà yìí, ni Slater dúró sí.

Ìbẹ̀rẹ̀ ìgbésí ayé

Ìlú Normal ní ìpínlẹ̀ Illinois ni wọ́n ti bí i. Bàbá rẹ̀, George Slater, jẹ́ pásítọ̀ nínú ìjọ African Methodist Episcopal, iṣẹ́ ìjọ ni ó sì gbé ẹbí náà dé ìlú Clinton ní ìpínlẹ̀ Iowa. Duke kì í ṣe orúkọ àbísọ. Ajá kan tí wọ́n ń sìn nílé wọn ni ó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, orúkọ ajá náà sì lẹ̀ mọ́ ọmọ náà títí ó fi kú.

Bàbá rẹ̀ kò kọ́kọ́ fẹ́ kí ó gbá bọ́ọ̀lù, nítorí ìbẹ̀rù ìfarapa, ṣùgbọ́n ó gbà nígbẹ̀yìn. Ní ilé-ẹ̀kọ́ girama Clinton, akẹ́kọ̀ọ́ kọ̀ọ̀kan ni ó ń ra bàtà àti àṣíborí tirẹ̀. Owó ọwọ́ pásítọ̀ náà kò sì ká méjèèjì. Bàtà ni Slater yàn. Orí lásán ni ó fi ń wọ inú ìjà pápá láti ìgbà náà, àṣà yìí sì bá a dé yunifásítì.

Yunifásítì Iowa

Ní 1918 ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í gbá bọ́ọ̀lù fún Yunifásítì Iowa. Eré tí ó mú òkìkí rẹ̀ kàn jù lọ wáyé ní 8 Oṣù Kẹwàá 1921, nígbà tí Iowa pàdé Notre Dame, ikọ̀ tí Knute Rockne ń kọ́, tí ó ti borí nínú eré 20 léraléra. Iowa fi 10 sí 7 borí wọn. Fọ́tò kan láti ọjọ́ náà ṣì gbajúmọ̀ títí di òní. Nínú rẹ̀, Slater, tí kò dé àṣíborí, nìkan ni ó ń ti ọ̀pọ̀ agbábọ́ọ̀lù Notre Dame sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, tí Gordon Locke sì ń gbé bọ́ọ̀lù gba ẹ̀yìn rẹ̀ kọjá. Iowa kò pàdánù eré kankan ní sáà náà.

Líìgì NFL

Slater darapọ̀ mọ́ Rock Island Independents ní 1922. Ní 1924, Jim Thorpe pẹ̀lú wà nínú ikọ̀ náà. Ní ọdún yìí kan náà ni wọ́n lọ gbá bọ́ọ̀lù ní Kansas City, ní ìpínlẹ̀ Missouri, níbi tí wọn kò ti gbà kí aláwọ̀ dúdú bá aláwọ̀ funfun ṣeré. Wọ́n yọ Slater sílẹ̀, Rock Island sì pàdánù. Eré kan ṣoṣo tí kò kópa nínú rẹ̀ ní gbogbo sáà rẹ̀ nínú líìgì náà nìyí, kì í sì í ṣe àìsàn tàbí ìfarapa ni ó fà á.

Láti 1926 ni ó ti wà pẹ̀lú Chicago Cardinals. Ní 1927 àti 1929, òun nìkan ni aláwọ̀ dúdú tí ó kù nínú gbogbo líìgì náà. Ní 28 Oṣù Kọkànlá 1929, Cardinals fi 40 sí 6 na Chicago Bears. Ernie Nevers nìkan ni ó gba gbogbo àmì 40 náà, ìtàn kò sì gbàgbé rẹ̀. Slater wà lára àwọn tí ó la ọ̀nà tí Nevers gbà.

Ó fẹ̀yìn tì ní 1931. Láti 1934 títí di 1945, aláwọ̀ dúdú kankan kò gbá bọ́ọ̀lù nínú NFL, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sí òfin tí a kọ sílẹ̀ tí ó kà á léèwọ̀. Ní àwọn ọdún yìí, Slater kọ́ àwọn ikọ̀ aláwọ̀ dúdú ní Chicago, kí àwọn tí wọ́n ti ilẹ̀kùn mọ́ lè rí ibi gbá bọ́ọ̀lù.

Iṣẹ́ òfin

Nígbà tí ó ṣì ń gbá bọ́ọ̀lù ni ó ń padà sí Yunifásítì Iowa láti kẹ́kọ̀ọ́ òfin, ó sì gboyè ní 1928. Chicago ni ó ti ṣiṣẹ́ agbẹjọ́rò. Wọ́n dìbò yàn án sí ipò adájọ́ ní 1948, ní 1960 ó sì di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ ní ilé-ẹjọ́ Superior Court níbẹ̀. Ó ṣì wà lórí àga ìdájọ́ nígbà tí àrùn jẹjẹrẹ inú pa á ní ẹni ọdún 67. Etta, ìyàwó rẹ̀, ti ṣáájú rẹ̀ kú. Wọn kò bímọ.

Ìdánimọ̀

Ní 1951, ó wà lára àwọn àkọ́kọ́ tí wọ́n gbà sínú College Football Hall of Fame. Ti ilé ìrántí àwọn agbábọ́ọ̀lù tí ń gba owó, tí ó wà ní Canton, ìpínlẹ̀ Ohio, kò yá bẹ́ẹ̀: ní 2020 ni wọ́n tó yàn án síbẹ̀, ọdún 54 lẹ́yìn ikú rẹ̀. Ní 2021, Yunifásítì Iowa fi orúkọ rẹ̀ pe ilẹ̀ pápá tí ó wà nínú Kinnick Stadium, níbi tí wọ́n ti ṣe fọ́tò 1921 náà ní ère sára ògiri.