Súmọ́nù Ọmọ Àjàṣẹ́, Ẹni Tó Fi Sinimá Jẹ́rìí

Ẹ̀yin ará wa nínú ẹ̀sìn, bí ẹ bá gbọ́ orúkọ Paulin Soumanou Vieyra, ẹ fetí sí Soumanou. Súmọ́nù tí a fi ń sọ ọmọ ní Ṣàpọ́n níhìn-ín ni, orúkọ kálífà kẹta.

Àjàṣẹ́, èyíinì Porto-Novo, ni a bí i sí ní 1925. Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni wọ́n fi í ránṣẹ́ sí ilẹ̀ Faransé, ó sì kọ́ iṣẹ́ sinimá ní ilé ẹ̀kọ́ IDHEC ní Párís. Ṣùgbọ́n òfin Faransé ti 1934 kò gbà kí ẹnikẹ́ni ya sinimá nílẹ̀ Áfíríkà tó wà lábẹ́ wọn láìgba àṣẹ. Ọmọ onílé wá di ẹni tí a dí lọ́nà ilé rẹ̀. Vieyra kò káwọ́ lérí: ní 1955, òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ya Afrique-sur-Seine, nípa àwọn ènìyàn dúdú tó wà ní Párís.

Lẹ́yìn náà ó lọ sí Dakar, ó di olórí àwọn tó ń ya ìròyìn fún ìjọba Sẹ̀nẹ̀gà. Ó ya Lamb, nípa ìjàkadì, ní 1963. Ó sì darí ètò tẹlifíṣàn ibẹ̀ láti 1972 sí 1975. Òun ló ń ṣètò iṣẹ́ fún Ousmane Sembène, Súmọ́nù mìíràn, tí òkìkí rẹ̀ bo tirẹ̀ mọ́lẹ̀. Kò tìtorí èyí ṣíwọ́. Ní 1975 ó tẹ ìwé ìtàn sinimá Áfíríkà jáde. Ó kú ní Párís ní 1987.

Ẹ̀sìn wa kọ̀ fún wa láti fi ẹ̀rí pamọ́. Ẹ má kẹ́gàn ọmọ tó gbé kámẹ́rà. Ẹ kọ́ ọ kó má fi purọ́.