Otto Hunte, Akọ́lé fún Sinimá

Nígbà tí a bá ń wo sinimá, àwọn òṣèré ni a sábà máa ń tẹjú mọ́. Ìwọ̀nba ènìyàn ni ó ń rántí ẹni tí ó ṣètò ilé tí wọ́n ń gbé àti òpópónà tí wọ́n ń rìn. Irú oníṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni Otto Hunte, ọmọ ilẹ̀ Jámánì, tí a bí ní ìlú Hamburg ní ọdún 1881.

Lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kìíní ni òkìkí rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí kàn. Ọ̀pọ̀ ọdún ni ó fi bá Fritz Lang, olùdarí sinimá, ṣiṣẹ́. Ní ọdún 1927 ni Metropolis jáde, sinimá tí ó fi ìlú ńlá kan hàn, níbi tí àwọn ọlọ́rọ̀ ti ń jayé lókè, tí àwọn òṣìṣẹ́ sì ń jìyà nísàlẹ̀ ilẹ̀. Hunte, Erich Kettelhut àti Karl Vollbrecht ni wọ́n ṣètò ìlú náà. Púpọ̀ nínú àwọn ilé gogoro inú rẹ̀, kékeré ni wọ́n kọ́ wọn. Dígí àti ọgbọ́n ayàwòrán ni ó sọ wọ́n di ńlá lójú òǹwòran.

Ní ọdún 1933, Hitler gorí oyè. Lang fi ilẹ̀ Jámánì sílẹ̀, ṣùgbọ́n Hunte dúró. Ní ọdún 1940, òun àti Vollbrecht ṣètò ilé àti àyíká fún Jud Süß, sinimá tí Goebbels, mínísítà ìpolongo, mú kí a ṣe láti gbin ìkórìíra àwọn Júù sí ọkàn àwọn ará ìlú. Ààfin àti òpópónà inú rẹ̀ dára tó bẹ́ẹ̀ tí irọ́ fi wọ aṣọ òtítọ́. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún lọ́nà ẹgbẹ̀rún ènìyàn ni ó wò ó. Kí ogun tó parí, ìjọba náà ti pa nǹkan bí mílíọ̀nù 6 nínú àwọn Júù.

Ogun parí ní ọdún 1945. Berlin sì di àlàpà. Ní ọdún 1946 ni a dá ilé-iṣẹ́ DEFA sílẹ̀. Sinimá àkọ́kọ́ tí ó ṣe ni Die Mörder sind unter uns, èyí tí ó túmọ̀ sí Àwọn Apànìyàn Wà Láàárín Wa. Ó sọ ìtàn dókítà kan tí ó ti ojú ogun dé, tí ó rí i pé ọ̀gágun tí ó pàṣẹ pé kí a pa àwọn aláìṣẹ̀ ní Pólándì ti di ọlọ́rọ̀, tí ó ń fi àṣíborí ogun rọ ìkòkò. Wolfgang Staudte ni olùdarí rẹ̀; òun pẹ̀lú ti ṣeré nínú Jud Süß rí. Hunte, ẹni ọdún 65, àti Bruno Monden ni wọ́n ṣètò rẹ̀. Kò sí ààfin mọ́: ògiri tí ó ya àti fèrèsé tí kò ní dígí ni wọ́n fi hàn.

Ọdún díẹ̀ lẹ́yìn náà ni Hunte fi iṣẹ́ sílẹ̀, ó sì kú ní ọdún 1960.

Ọwọ́ kan náà ni ó ṣe ọ̀ṣọ́ fún irọ́, tí ó sì tún fi àlàpà tí irọ́ náà bí hàn. Ọgbọ́n ọwọ́ dà bí àdá: èyí tí a fi ń ro oko ni a lè fi ṣá ènìyàn. Nítorí náà, ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ kọ́ iṣẹ́ yín dé ojú àmì. Ṣùgbọ́n kí ẹ tó gbé irinṣẹ́, ẹ kọ́kọ́ bèèrè ohun tí a fẹ́ fi iṣẹ́ náà ṣe.